Agogo Inú Adágún Pẹ́pẹ́yẹ

Mo mọ ẹni tó gbin igi ńlá tó wà níwájú ṣọ́ọ̀ṣì abúlé kan ní ilẹ̀ Pólàǹdì. Mo mọ àwọn tó wó afárá abúlé náà, mo mọ ibi tí wọ́n gbé agogo ṣọ́ọ̀ṣì pamọ́ sí nígbà ogun, mo tiẹ̀ mọ orúkọ màlúù tó wọ́ agogo náà jáde lẹ́yìn ogun. Mi ò dé Pólàǹdì rí. Mi ò ní ẹbí níbẹ̀, mi ò sì ní ọ̀rẹ́ níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ bi mí léèrè ẹni tó gbin igi ọ̀dán iwájú ọjà ìlú bàbá tèmi, ẹ ó rí i pé màá bẹ̀rẹ̀ sí í họ orí. Ohun tó ń bí mi nínú jù nìyẹn.

Nílé, tíṣà ìṣirò ni mí. Nígbà tí èmi àti Tèmi ọmọ mi dé Dagenham nílùú Lọ́ńdọ̀nù, kò sẹ́ni tó bi mí ní ìṣirò kankan. Ìyá Tóbi, tí a jọ ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì aláṣọ funfun kan náà, ló mú mi lọ síbi tí wọ́n ti ń gba àwọn tó ń tọ́jú arúgbó nínú ilé wọn.

"Iṣẹ́ náà ò le," ló wí fún mi. "Old people ni wọ́n. Ṣáà máa respect wọn bí o ṣe ń respect Daddy ẹ nílé, finish."

Ọ̀rọ̀ yẹn gan-an ló kó bá mi.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, obìnrin ibi iṣẹ́ tó mú mi lọ sílé ọkùnrin Pólàǹdì kan ní Longbridge ní kí n máa pè é ní Stan. Ẹni tó ti lé lẹ́ni àádọ́rùn-ún ọdún! Irun orí rẹ̀ funfun bí òwú, ó fi ọ̀pá tilẹ̀, wọ́n sì ní kí n dúró gbọnrangandan kí n pè é ní Stan bí ẹni pé a jọ ta òkòtó. Mo kúnlẹ̀, mo ní, "Ẹ káàárọ̀, sà." Bàbá náà wo ilẹ̀ lọ́tùn-ún, ó wò ó lósì, ó wá bi mí bóyá nǹkan mi ló jábọ́. Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń pè é ní Bàbá. Ó ní kí ni ìtumọ̀ rẹ̀, mo sọ fún un. Ó ní òun ò bímọ rí, ìyàwó òun sì ti kú, ṣùgbọ́n òun gbà á.

Wàkàtí kan ni wọ́n fún mi lọ́dọ̀ rẹ̀ láràárọ̀. Kí n wẹ̀ ẹ́, kí n fún un lóúnjẹ, kí n rí i pé ó lo oògùn rẹ̀, kí n kọ gbogbo ohun tí a ṣe sínú fóònù, kí n sì sáré lọ mú bọ́ọ̀sì lọ sí Beam Park. Màmá kan wà níbẹ̀ tó máa ń dúró dè mí lẹ́yìn fèrèsé, tí mo bá fi ìṣẹ́jú mẹ́ta pẹ́, ó ti tẹ àwọn ọ̀gá mi láago.

Ìtàn abúlé kò sí nínú iṣẹ́ tí wọ́n gbé lé mi lọ́wọ́, ṣùgbọ́n òun ni Bàbá kà sí iṣẹ́. Bí mo bá ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọṣẹ fọ ẹ̀yìn rẹ̀ báyìí ni yóò bẹ̀rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì la fi ń bá ara wa sọ̀rọ̀, tirẹ̀ ní ohùn Pólàǹdì nínú, tèmi náà ní tilé nínú, ṣùgbọ́n a máa ń gbọ́ ara wa yé. Arákùnrin mẹ́ta ló kọ́kọ́ dé ibẹ̀. Wọ́n gé igbó, wọ́n rí odò, wọ́n dúró. Nígbà tó yá, àrùn kan wọlé, ó pa ìdajì abúlé, àwọn tó ṣẹ́kù bá ri àgbélébùú igi mọ́ oríta kí àrùn náà má baà mọ ọ̀nà padà wá. Àlùfáà kan dé, ó gbin igi, ó sì kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì onígi tí wọn ò fi ìṣó kankan kàn.

"Ìṣó kankan!" yóò wí, yóò sì di ọwọ́ mi mú pẹ̀lú ọṣẹ. "Ṣé o gbọ́? Igi nínú igi!"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Ẹ gbé apá sókè."

Láti ibẹ̀ yóò bọ́ sórí agogo. Nígbà ogun, àwọn sójà ń kó agogo ṣọ́ọ̀ṣì lọ láti fi rọ ìbọn. Bàbá rẹ̀ àti ọkùnrin tó ni ọlọ omi, èyí tí odò ń yí, sọ agogo tiwọn kalẹ̀, wọ́n sì rì í sínú adágún tí àwọn pẹ́pẹ́yẹ ń wẹ̀. Lẹ́yìn ogun, màlúù kan tó ń jẹ́ Siwek ló wọ́ ọ jáde. Lẹ́yìn náà ni ilé ńlá olówó abúlé tó di ilé-ìwé, àti afárá tí àwọn sójà tó ń sá lọ fi bọ́ǹbù wó. Nígbà tí a bá fi dé ibi afárá, tíì ti tutù, bọ́ọ̀sì mi ti lọ, màmá Beam Park sì ti gbé fóònù.

Ó sọ ọ́ ní Mọ́ńdè, ó sọ ọ́ ní Túsìdeè. Ó sọ ọ́ ní ọjọ́ Kérésìmesì.

Ẹ̀yin ará, ṣé mo lè ní kó dákẹ́ ni? Ibo ni wọ́n ti ń sọ fún àgbà pé ọ̀rọ̀ rẹ ti tó? Àwọn ọmọ òyìnbó tí a jọ ń ṣiṣẹ́ lè rẹ́rìn-ín, kí wọ́n ní, "Stan, darling, not today," kí wọ́n sì gbé báàgì. Èmi ò lè wí bẹ́ẹ̀. "Bẹ́ẹ̀ ni, sà" ló ń jáde, mo sì ń rò pé bí mo bá sọ ọ́ dáadáa, yóò parí. Kàkà kí ó parí, ńṣe ló rò pé ó wù mí gbọ́.

Ohun tí ẹnu mi ò lè sọ ni ìka mi wá ń sọ. Wọ́n ti kọ́ wa pé ohun tí a ò bá kọ sílẹ̀ kò ṣẹlẹ̀, mo bá kọ ọ́. Kí n tó kúrò lẹ́nu ilẹ̀kùn rẹ̀, màá fi ìbínú tẹ̀ ẹ́ sínú fóònù pé: ó wẹ̀, ó jẹun, ó tún sọ ìtàn abúlé. Ọjọ́ kejì: ìtàn abúlé kan náà. Ọjọ́ kẹta: ó tún tún un sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kò yí ọ̀rọ̀ kan padà. Ọkàn mi máa ń fúyẹ́ díẹ̀ tí mo bá ti kọ ọ́ tán.

Mi ò mọ̀ pé ẹnìkan ń kà á.

Ní ọjọ́ Ìsinmi, lẹ́yìn ìsìn, mo máa ń pe bàbá mi nílé. Òun náà ti darúgbó. Bí a bá kí ara wa tán, tí mo bá bi í léèrè ẹsẹ̀ tó ń dùn ún, kì í pẹ́ tí yóò fi wọ inú ìtàn: ọdẹ tó tẹ ìlú wa dó, odò tó fi ṣe àmì, àpáta tí wọ́n sá sí nígbà ogun. Mo ti ń gbọ́ ọ láti kékeré. Kí ó tó dé ibi àpáta, màá ní, "Dádì, nẹ́tíwọ̀ọ̀kì yìí o," màá sì pa fóònù. Bàbá Pólàǹdì nìkan ni mi ò lè pa.

Ẹ sì wò ó, láti ìgbà tí mo ti dé ìlú yìí, kò sẹ́ni tó bi mí pé ta ló tẹ ìlú yín dó. Wọ́n á ní níbo ni mo ti wá, màá ní Nàìjíríà, wọ́n á ní aládùúgbò àwọn náà wá láti Ghana. Ọ̀rọ̀ parí. Bí mo bá jókòó sínú bọ́ọ̀sì láàárọ̀, tí mo wo obìnrin oníbòrí tó ń sùn, ọkùnrin Rùmáníà tó gbé àpótí irin-iṣẹ́ lé ẹsẹ̀, àti ọmọ Bangladesh tó ń jẹ ìpápánu, mo máa ń rò ó pé kálukú ló ní odò àti oríta tí ẹnikẹ́ni ò bi í. A kàn ń gbé e kiri àdúgbò Barking yìí ni. Bóyá ìdí nìyẹn tí inú fi ń bí mi sí Bàbá. Òun ti rí ẹni sọ tirẹ̀ fún.

Lẹ́yìn ọdún tuntun, ọ̀gá mi pè mí. Ó yìn mí! Ó ní àkọsílẹ̀ mi kún rẹ́rẹ́ ju ti gbogbo èèyàn lọ. Ó ní nítorí rẹ̀, wọ́n ti rí i pé orí Bàbá ò pé mọ́, pé ó ń sọ ọ̀rọ̀ kan náà lójoojúmọ́, àti pé obìnrin kan láti ìjọba ìbílẹ̀ ń bọ̀ wá yẹ̀ ẹ́ wò. Tí obìnrin náà bá gbà bẹ́ẹ̀, wọ́n á gbé Bàbá kúrò nínú fúláàtì rẹ̀ lọ sí ilé àwọn arúgbó, níbi tí wọ́n á ti máa ṣọ́ ọ tọ̀sán-tòru.

Fúláàtì yẹn ni òun àti ìyàwó rẹ̀ gbé fún ogójì ọdún. Ó ti sọ fún mi lọ́pọ̀ ìgbà pé ibẹ̀ ni òun ti máa kú, pé òun ti fi ilé kan sílẹ̀ rí, òun ò ní fi ìkejì sílẹ̀.

Mo délé, mo gbé fóònù fún Tèmi kó bá mi ka ohun tí mo kọ. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni. Ó kà á lọ, ó kà á lọ, ó wá gbójú sókè.

"Mummy. You snitched on him."

"Èmi kẹ̀? Kí ni mo sọ?"

"Look at it na. 'Again, again, again.' If I read this, I'd think the man has lost it, innit. Ṣé ó ti lost it?"

"Orí ẹ̀ pé ju tèmi lọ!"

"So why didn't you write that one?"

Mo bú u pé kó lọ fọ abọ́.

Lọ́jọ́ kejì mo pe bàbá mi, kì í tiẹ̀ ṣe ọjọ́ Ìsinmi. Mo ní, "Dádì, ẹ dákun, báwo lẹ ṣe ń mọ̀ pé orí àgbàlagbà kan ò pé mọ́?"

"Ṣé èmi lo ń bá wí ni?"

"Rárá o, sà! Bàbá kan níbí ni. Ìtàn abúlé rẹ̀ ló ń sọ lójoojúmọ́, wọ́n ní ó ti ń ṣarán."

Bàbá mi rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbà á. "Ìtàn náà, ṣé ó ń yí padà?"

"Kò yí padà rí."

"Orí rẹ̀ pé nìyẹn. Ẹni tó ń ṣarán kì í tọ ọ̀nà kan náà lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà tí a wà lọ́mọdé, bí a bá fẹ́ mú ìyá bàbá mi bínú, ńṣe la ó mọ̀ọ́mọ̀ fi odò ṣáájú ọdẹ. Áà! Igi ìdáná ló máa ń jù lù wá. Lọ ṣì í sọ níwájú rẹ̀, kí o wá wo ojú rẹ̀." Ó tún wúkọ́. "Ṣùgbọ́n o ti mọ bí ìtàn tiwa ṣe lọ, àbí?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, sà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bi mí síwájú.

Obìnrin náà dé ní ọjọ́bọ̀, ó fi ogún ìṣẹ́jú pẹ́. Ọmọlúwàbí ni, mi ò lè purọ́ mọ́ ọn. Ohùn rẹ̀ tutù, ó kí wa, ó sì gbé kọ̀ǹpútà kékeré lé orúnkún. Mo ti wọ ṣẹ́ẹ̀tì funfun fún Bàbá, mo sì ti yà á ní irun. Mo sọ fún un tẹ́lẹ̀ pé obìnrin náà fẹ́ mọ̀ bóyá ó ṣì lè dá gbé. Bí ó ṣe gbọ́ ìyẹn báyìí, ó bínú, ó pa ẹnu mọ́.

"Ṣé ẹ lè sọ ọjọ́ tí a wà lónìí fún mi?"

Bàbá ń wo fèrèsé.

"Ṣé ẹ mọ orúkọ àdúgbò tí ẹ ń gbé?"

Ó ń wo fèrèsé síbẹ̀. Obìnrin náà tẹ nǹkan sínú kọ̀ǹpútà. Mo rí i láti ibi tí mo dúró sí pé àkọsílẹ̀ mi ló ṣí sílẹ̀ níwájú rẹ̀. Agídí ọkùnrin yìí! Ẹni tó máa ń rojọ́ láti inú ilé ìwẹ̀ dé ìdí tábìlì, ọjọ́ tí a nílò ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ló wá yadi.

Mo ní, "Màdáàmù, ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn abúlé Bàbá fún yín."

Mo bẹ̀rẹ̀. Mo ní arákùnrin méjì ló kọ́kọ́ dé ibẹ̀. Mo wo Bàbá, kò mira. Mo ní nígbà tí àrùn wọlé, wọ́n ri àgbélébùú mọ́ ìdí ọlọ omi. Kò wí nǹkan kan. Ó kàn ń fi àtàǹpàkò ra orí ọ̀pá rẹ̀. Obìnrin náà ń wò mí bí ẹni tí kò mọ ohun tí mò ń ṣe. Mo rò ó nínú ara mi pé bóyá lóòótọ́ ni, bóyá orí ọkùnrin yìí ti lọ tí mi ò mọ̀, nítorí pé mi ò fetí sí i dáadáa rí, bọ́ọ̀sì ni mò ń rò. Mo ṣáà ní, "Nígbà ogun, wọ́n ju agogo ṣọ́ọ̀ṣì sínú kànga."

Ọ̀pá rẹ̀ lu ilẹ̀ gbàà.

"Kànga!" ló pariwo. "Kànga wo? Ta ló ń ju agogo sínú kànga tí gbogbo abúlé ń mu? Adágún ni! Adágún pẹ́pẹ́yẹ! Bàbá mi àti ọlọ́lọ, mo dúró níbẹ̀, èmi ni mo di fìtílà mú!" Ó yíjú sí obìnrin náà. "Arákùnrin mẹ́ta ni wọ́n, kì í ṣe méjì. Oríta ni àgbélébùú wà, kì í ṣe ìdí ọlọ. Mo gbójú fò ó nítorí mo rò pé ó ti rẹ̀ ẹ́, ọmọ yìí máa ń sáré jù. Ṣùgbọ́n kànga! Ọjọ́bọ̀ lónìí, màdáàmù. Longbridge ni mò ń gbé. Aago mẹ́sàn-án ààbọ̀ lẹ sì dá, ẹ dé ní aago mẹ́wàá ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá."

Obìnrin náà fi ọwọ́ bo ẹnu. Lẹ́yìn náà ló yí kọ̀ǹpútà sí mi. "Ṣé ìwọ lo kọ gbogbo èyí?"

"Èmi ni."

"Kí ló dé tí o fi kọ ọ́ báyìí?"

Bàbá ń gbọ́. Kò sí ibi tí mo lè sá sí. Mo ní, "Inú ló ń bí mi, mà. Níbi tí mo ti wá, a kì í sọ fún àgbà pé kó dákẹ́, mo bá ń kọ ọ́ síbẹ̀. Kò sí ohun tó ṣe é. Nílé wa, àgbà tó ń sọ ìtàn ìlú bí ó ṣe sọ ọ́ lánàá, orí rẹ̀ pé. Ọjọ́ tí ìtàn bá yí padà la máa ń pe àwọn ọmọ jọ."

Ó kọ ìyẹn náà sílẹ̀.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, ìwé dé: Bàbá ò kúrò níbì kankan. Mo ti mọ̀ ṣáájú ìgbà yẹn pé a ti borí, àmọ́ mi ò lè yọ̀, torí pé láti ọjọ́ tí obìnrin yẹn ti lọ, Bàbá ò sọ ìtàn mọ́. Mo fọ ẹ̀yìn rẹ̀, ó dákẹ́. Mo gbé tíì kalẹ̀, ó ní o ṣeun. Ìdákẹ́jẹ́ tí mo ti fi gbogbo ọdún gbàdúrà fún ti dé, mi ò sì lè fara dà á. Mò ń dé Beam Park kí àsìkò tó tó, màmá ọ̀hún ń wò mí bí olè.

Ọjọ́ tí ìwé dé, mo kúnlẹ̀ nígbà tí mo kà á fún un tán. Mo ní, "Bàbá, ẹ má bínú sí mi. Ohun tí mo kọ yẹn ò dáa."

Ó ní, "Dìde, mi ò bínú."

"Kí ló dé tí ẹ ò sọ ìtàn mọ́?"

"Kí ni mo tún fẹ́ sọ?" ló wí. "O ti mọ̀ ọ́n. O mọ̀ ọ́n débi pé o lè mọ̀ọ́mọ̀ ṣì í sọ níbi mẹ́ta." Ó gbé tíì rẹ̀ mu. "Àwọn tó mọ̀ ọ́n pẹ̀lú mi ti kú tán. Ìwọ ni mò ń sọ ọ́ fún títí kó lè mọ́ ọ lórí. Ó ti mọ́ báyìí. Èmi ti sinmi."

Ẹ gbọ́ nǹkan. Ta ló ní kó gbé e lé mi lórí? Ṣé mo sọ fún un pé mò ń wá abúlé? Èmi tí mi ò tíì lè sọ ti ọdẹ wa délẹ̀, tí bàbá mi ń retí mi lórí fóònù! Mo bínú láti Longbridge dé Beam Park, mo sunkún díẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì, kò sẹ́ni tó bi mí. Nígbà tí mo kọ àkọsílẹ̀ ọjọ́ náà, mo kọ pé ó wẹ̀, ó jẹun, orí rẹ̀ pé.

Ní ọ̀sán Sátidé tó tẹ̀lé e, Tèmi jókòó sáàárín ẹsẹ̀ mi, mò ń bá a dirun. Ọwọ́ mi ń lọ, ẹnu mi náà ń lọ. Mi ò tiẹ̀ mọ ìgbà tí mo bẹ̀rẹ̀. Mo gbọ́ tó mí kanlẹ̀.

"Mummy, ẹ ti sọ eléyìí. Three brothers, the cross, the bell in the duck pond. You've told me like four times."

Mo ní kó tẹ orí sílẹ̀ dáadáa, a ò tíì dé ibi afárá.